Ọjọ́ Tí A Lọ Wo Òdòdó Lọ́nà Ekpoma

Bọ́ọ̀sì ẹgbẹ́ obìnrin gbéra ní Ogida ní ìlú Benin, ó ń gbé wa lọ wo òdòdó àkọ́rọ̀ òjò.

Ojú lalákàn fi ń ṣọ́rí. Ní ìlú kékeré tí a bá yà, Màmá tó ń ṣamọ̀nà wa á kà wá.

Ṣọlápé jókòó bí ẹyẹ inú àgò, ó fi gèlè bo ojú tí ọkọ rẹ̀ lù wú.

“Màmá, ẹ mú un padà fún mi o,” lọkọ náà wí láàárọ̀.

Létí oko òdòdó, Ṣọlápé sá wọ ọkọ̀ Auchi. Màmá ń wò ó.

“Ṣé ẹ pé, Màmá?” ni dírẹ́bà bèèrè.

Wọ́n kà wá. “A pé. Máa lọ.”

Mo rọra bi wọ́n: “Ọkọ rẹ̀ ńkọ́?”

“Ọmọ mi lọkọ rẹ̀. Nígbà tí bàbá rẹ̀ ń lù mí, kò sẹ́ni tó bá mi ṣi èèyàn kà.”