Ẹ̀rọ Tó Ń Pe Àgbà Ní "Ìwọ"

Láràárọ̀, kí wọ́n tó gbé ògì fún wa nílé àgbà yìí, ẹ̀rọ ara ògiri á bi wá ní orúkọ wa lọ́kọ̀ọ̀kan. Ẹni tí kò bá mọ tirẹ̀, òkè ni wọ́n ń gbé e lọ. Ẹni tó bá sì gòkè kì í sọ̀ kalẹ̀ mọ́.

Ó kan Mopélọ́lá, ọ̀rẹ́ mi.

"Kí lorúkọ rẹ?"

Ó wò mí lójú. Ó di apá mi mú. Olùtọ́jú ti ń ti kẹ̀kẹ́ bọ̀.

Mo fi ọ̀pá mi gbá ilẹ̀. "Ta lò ń sọ 'rẹ' sí? Ṣé ẹgbẹ́ ẹ ni?"

"Àbíìkọ́ ṣì sàn," ni Bàbá Ògúnrìndé wí. "Èyí, wọn ò bí i, wọn ò sì kọ́ ọ! A ò dáhùn mọ́."

Gbogbo wa panu mọ́. Iná ẹ̀rọ náà pọ́n, ó ń ṣẹ́jú. Nígbà tó yá, ohùn rẹ̀ rọ̀.

"Ẹ forí jì mí. Kí lorúkọ yín?"

"Yín" ló sọ! "Yín" gba àgbà kan, ó sì gba ọ̀pọ̀ èèyàn. Àwa mẹ́tàdínlógún la jọ dáhùn:

"Mopélọ́lá!"

Iná padà di àwọ̀ ewé. Kẹ̀kẹ́ yí padà.

Ọ̀rẹ́ mi rọra sọ sí mi létí. "Orúkọ yẹn mà dára o. Ta ló ń jẹ́ bẹ́ẹ̀?"