Ìwé Ẹ̀bẹ̀ Màmá Agbálẹ̀

Ọdún mẹ́fà ni Dókítà fi ń ṣe bátìrì tí kò ní lítíọ́mù nínú. Kálísíọ́mù, irú èyí tó wà nínú eegun, ló fi ṣe é, pẹ̀lú imí ọjọ́. Méjèèjì pọ̀, wọn ò sì wọ́n. Àléébù kan ló kù: bí bátìrì náà bá jò, á máa rùn bí ẹyin tó bàjẹ́.

Láàárọ̀ ọjọ́ náà, Alága ìgbìmọ̀ tó ń fọwọ́ sí iṣẹ́ ìwádìí wá yẹ̀ ẹ́ wò. Ó jókòó ti àpótí onídígí tí bátìrì wà. Dókítà dúró lẹ́nu ọ̀nà, Màmá agbálẹ̀ sì ń gbálẹ̀ ní igun yàrá.

"Bó bá jò lẹ́ẹ̀kan péré, iṣẹ́ yìí parí nìyẹn."

"Kò ní jò, sà."

Gílóòbù tí wọ́n so mọ́ bátìrì ń tàn rokoṣo. Alága yí ìjókòó padà.

"Kí ló ń rùn?" ó bèèrè.

Ó ṣe díẹ̀ kí òórùn náà tó dé ọ̀dọ̀ Dókítà. Gílóòbù kò ṣẹ́jú. Ojú Dókítà lọ sára bátìrì. Màmá agbálẹ̀ ju ìgbálẹ̀ sílẹ̀.

"Ẹ má bínú, sà. Èmi ni mo só."

"Màmá!"

"Inú mi ló ń jò, Dókítà. Kì í ṣe bátìrì."

"Ìwọ? Níwájú mi?" Alága fi áńkáṣíìfù bo imú. "Wàá kọ ìwé ẹ̀bẹ̀."

Alága fúnra rẹ̀ ló ń pè é, Dókítà ń kọ ọ́: "Èmi, agbálẹ̀, tọrọ àforíjì fún afẹ́fẹ́ tí mo tú sílẹ̀ láìgbàyè, tó rùn bí ẹyin sísè mẹ́ta."

Màmá kà á sókè. Alága ní kó tún un kà, kó rẹ ohùn sílẹ̀. Lẹ́yìn náà ló fọwọ́ sí ọdún márùn-ún sí i fún iṣẹ́ bátìrì náà.

"Mo ti dárí jì ọ́," ó ní, ó sì jáde.

Dókítà kúnlẹ̀. "Màmá, ẹ ti gbà mí lọ́wọ́ ìtìjú."

"Dìde jàre, ọmọ mi. Isó inú ẹ̀kú ni, àmúmọ́ra. Lọ wá ibi tó ti ń jò."

Wọ́n wá a títí di ọ̀sán, wọn ò rí ihò kankan.

Níta láàárọ̀ yẹn, kí Alága tó wọ ọkọ̀ tán, awakọ̀ rẹ̀ ti yí gbogbo gíláàsì sílẹ̀, ó ní, "Ọ̀gá, ẹ jọ̀ọ́, ṣé ẹ ti só tòní tán síbẹ̀?"