Ọba Apá Kẹta

"Mubashir, jókòó dáadáa kí o wo bí wọ́n ṣe ń kí ọba!"

Télọ̀ kan ló ń bá ọ̀rẹ́ rẹ̀ sọ̀rọ̀, ó sì na páàdì géèmù sókè bí ọ̀pá àṣẹ ní pálọ̀ rẹ̀ n'Íbàfò. Ọdún méjì gbáko ló fi jagun ní apá kìíní àti apá kejì géèmù náà kó tó gba ìlú kan sílẹ̀. Ó ti kó gbogbo ohun tó fi pamọ́ wọ apá kẹta báyìí, torí ohun tí èèyàn bá yàn ní apá kejì, apá kẹta ló ti máa ń hàn.

Ó tẹ bọ́tìnnì. Ìlẹ̀kùn ìlú ṣí gbayawu, àwọn ará ìlú tú jáde, wọ́n sì bẹ̀rẹ̀ sí í sọ ọ́ lókùúta.

"Ọ̀dàlẹ̀!" ni wọ́n ń pè é. "Ìwọ lo fún ọ̀tá ní kọ́kọ́rọ́ ìlú wa!"

"Èmi kẹ̀?" Ó fò dìde, ó kọjú sí ọ̀rẹ́ rẹ̀. "Mubashir, o ti fọwọ́ kan géèmù mi! O dalẹ̀ mi!"

"Wàláì, bọ́ọ̀lù nìkan ni mo máa ń gbá níbẹ̀!"

"Bùrọ̀dá Mubashir, ẹ má búra." Nurat, ìyàwó télọ̀, ò gbójú kúrò lára ẹ̀wà tó ń ṣà. "Èmi ni. Lọ́jọ́ tí ọkọ mi fi géèmù sílẹ̀, tó sáré lọ kírun Aláàsárì, ọkùnrin onídà kan ń bèèrè kọ́kọ́rọ́ lójú tẹlifíṣàn. Mo tẹ bọ́tìnnì pé kó máa mú un lọ."

Télọ̀ kọjú sí ìyàwó rẹ̀. "Nurat! Ìwọ! Kí ni mo fi ṣe ọ́?"

"Ìròyìn ni mo fẹ́ wò."