Ẹ̀wù Kóòṣì Arógundádé

Nígbà ìsinmi àárín eré àṣekágbá, Kóòṣì Arógundádé ń ya ọgbọ́n tí wọn yóò fi borí sára pátákó fún àwọn akẹ́kọ̀ọ́ tó ń gbá bọ́ọ̀lù alájùsápẹ̀rẹ̀ fún yunifásítì rẹ̀. Wọ́n ń tẹ fóònù lọ́kọ̀ọ̀kan láti pààrọ̀ ẹgbẹ́, ẹ̀wù wọn sì ń pa àwọ̀ dà láti àwọ̀ ewé sí pupa: wọ́n ti di ti yunifásítì tí wọ́n ń bá figagbága.

"Ẹ ṣé, sà," ni wọ́n wí. Wọ́n dọ̀bálẹ̀, wọ́n jáde.

Ládépò nìkan ló ṣẹ́ kù nínú wọn, ẹ̀wù rẹ̀ ṣì ní àwọ̀ ewé. Kóòṣì dì mọ́ ọn.

"Ẹni a ní kó kín ni lẹ́yìn, ẹ̀gún ló fi sọ́wọ́! Àfi ìwọ."

"Sà, ẹ wo ẹ̀wù yín."

Ó ti pọ́n bí ata. Àwọn aláṣẹ yunifásítì rẹ̀ ti fi òun náà ṣe pàṣípààrọ̀.

Kóòṣì nu pátákó kíá. "Gbàgbé gbogbo ohun tí mo sọ, ọmọ mi. A máa nà yín lónìí."